Ẹ Má Fọwọ́ Kan Nǹkan Kan ní Pálọ̀

Lọ́jọ́ tí mo bá rí ẹni tó kọ́kọ́ sọ fún àbúrò mi pé ó mọ eré ṣe, èmi àti onítọ̀hún máa jọ wojú ara wa, torí pé wàhálà tí ọ̀rọ̀ yẹn dá sílẹ̀ nínú ilé wa kò tíì tán títí di bí mo ṣe ń sọ̀rọ̀ yìí. Irun ni èmi ń ṣe. Iwájú ilé màmá wa ni ṣọ́ọ̀bù mi wà, ilẹ̀kùn kan ṣoṣo ló wà láàárín òun àti pálọ̀, nítorí náà kò sí ohun tó ń ṣẹlẹ̀ ní pálọ̀ yẹn tí etí mi kì í gbọ́, àfi tí díráyà bá ń pariwo. Àwa méjì náà ni màmá wa bí. Èmi tí mo jẹ́ ẹ̀gbọ́n dúró sílé, àbúrò mi gbéra, ó lọ di òṣèré. Eléré ni gbogbo àdúgbò ń pè é, èmi gan-an sì ti fẹ́ẹ̀ gbàgbé pé ó ní orúkọ mí-ìn tẹ́lẹ̀.

Mi ò sọ pé kò mọ̀ ọ́n ṣe o. Ó mọ̀ ọ́n ṣe ju àwọn tí wọ́n ń lẹ fọ́tò wọn mọ́ ara ọkọ̀ lọ. Irú fíìmù tó yàn ló ń bí mi nínú. Àwọn fíìmù ńlá wà níta, tí wọ́n ní ọ́fíìsì, tí wọ́n ń fi mọ́tò gbé òṣèré lọ tí wọ́n ń fi gbé e bọ̀, tí ẹnì kan wà tí iṣẹ́ ẹ̀ ò ju kó máa ṣí agboòrùn bò wọ́n lórí. Àbúrò mi ò sí níbẹ̀. Àwọn tó ń dá fíìmù ṣe fúnra wọn ló ń bá ṣiṣẹ́, àwọn tí wọn ò ní ọ̀gá, tí wọn ò ní ọ́fíìsì, tó jẹ́ pé ọ̀rẹ́ ló ń yá ọ̀rẹ́ ní kámẹ́rà. Láàárín àwọn yẹn, ẹni tó bá ṣe ìyàwó ilé nínú eré náà ló máa dáná fún gbogbo wọn nígbà tí eré bá parí, òun náà ló tún máa fọ abọ́. Aṣọ ara ẹ̀ ló fi ń ṣeré. Àga ṣọ́ọ̀bù mi ló ń kó lọ. Nígbà kan, mo bá a tó ń tú wáyà díráyà mi, ó ní àwọn fẹ́ fi ṣe ẹ̀rọ ilé ìwòsàn, àti pé oníbàárà tó jókòó sábẹ́ ẹ̀ ti ní kò burú.

Ipa tí wọ́n kọ́kọ́ fún un ni ti obìnrin kan tó ṣílẹ̀kùn, tó sọ pé, "Kò sí nílé," tó sì tún ilẹ̀kùn tì. Ìyẹn nìkan. Ọ̀sẹ̀ kan gbáko ló fi ń sọ ọ́ káàkiri ilé. Ó sọ ọ́ bí ẹni tínú ń bí, ó sọ ọ́ bí ẹni tó ń purọ́, ó sọ ọ́ bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jí. Oníbàárà mi kan dé lọ́jọ́ kan, ó yọjú, ó béèrè mi lọ́wọ́ ẹ̀, àbúrò mi wò ó lójú, ó ní, "Kò sí nílé." Obìnrin náà yíjú padà, ó lọ ṣe irun ẹ̀ lọ́dọ̀ ẹlòmí-ìn, kò sì wá sọ́dọ̀ mi mọ́ títí dòní. Èmi wà nínú ilé, mò ń jẹun.

Lẹ́yìn ìyẹn ló wá di òkú. Wọ́n rí i pé ó lè sé èémí mọ́ra pẹ́, tí ìpéǹpéjú ẹ̀ ò ní gbọ̀n, ó wá di pé gbogbo fíìmù tí èèyàn bá ti máa kú, òun ni wọ́n ń wá wá. Ó kú sínú odò, ó kú sórí bẹ́ẹ̀dì, ó kú sẹ́yìn ọkọ̀. Ilẹ̀ẹ́lẹ̀ pálọ̀ wa ló ti máa ń kọ́ ọ. Màmá wa ti òde dé lọ́sàn-án ọjọ́ kan, wọ́n bá ọmọ wọn nílẹ̀ gbalaja, wọ́n pè é títí, kò dáhùn, wọ́n bá ju gbogbo ohun tí wọ́n rù sílẹ̀, wọ́n bọ́ síta, wọ́n figbe ta. Ìgbà tí àwọn ará ilé kejì fi máa ya dé, òkú ti dìde, ó ń bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n má bínú. Láti ọjọ́ náà ni màmá wa ti fi òfin dè é pé ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ kú nínú ilé àwọn, kó kọ́kọ́ wá sọ fún àwọn.

Iṣẹ́ gidi kan ṣoṣo tó rí ṣe láàárín ìgbà yẹn kì í ṣe fíìmù rárá. Ilé iṣẹ́ tẹlifóònù kan ló gba ohùn ẹ̀ sílẹ̀, tó fi jẹ́ pé tí o bá pe ẹni tó ti pa fóònù ẹ̀, àbúrò mi ló máa dá ẹ lóhùn: "Ẹ má bínú, ẹni tí ẹ ń pè kò sí lórí ìlà báyìí. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ tún un pè nígbà mí-ìn." Tọmọdé tàgbà ló ti gbọ́ ohùn ẹ̀, kò sì sẹ́ni tó mọ ẹni tó ni ín. Màmá wa ni ọ̀rọ̀ náà wá dà láàmú jù. Eléré ti kó lọ sí ìlú ńlá tí wọ́n ti ń ṣe fíìmù nígbà yẹn. Tí màmá bá pè é, tí ìyẹn wà lójú iṣẹ́ tó ti pa fóònù, ohùn ọmọ wọn gan-an ló máa sọ fún wọn pé ọmọ wọn ò sí. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, wọ́n bá a jà lórí fóònù. Wọ́n ní ìwọ rèé tí ò ń sọ̀rọ̀, o tún wá ní o ò sí. Mo ṣàlàyé títí ẹnu mi fi bó. Nígbà tó yé wọn, ìyẹn tún wá burú ju ti tẹ́lẹ̀ lọ, torí pé mo máa ń bá wọn lórí àga wọn lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, tí wọ́n gbé fóònù sétí, tí wọ́n ń gbọ́ ọ, tó bá parí wọ́n á tún un tẹ̀. Mo ní màmá, ọmọ yẹn ti pa fóònù ẹ̀. Wọ́n ní àwọn mọ̀.

Bí ọ̀rọ̀ ṣe wà nìyí nígbà tí Ó-Ku-Díẹ̀ wọ inú ayé wa.

Èmi ni mo sọ ọ́ lórúkọ yẹn. Olùdarí eré ni, ọkùnrin tín-ín-rín kan tó fi òwú so apá kan gíláàsì ojú ẹ̀, tí báàgì kì í kúrò lẹ́yìn ẹ̀. Kò sí ohun tí o máa bi í tí kò ní fi ohùn pẹ̀lẹ́ sọ fún ẹ pé ó ku díẹ̀. Ṣé ẹ ti ṣe tán? Ó ku díẹ̀. Ṣé ọkọ̀ ti dé? Ó ku díẹ̀. Ṣùgbọ́n òun ni ẹni àkọ́kọ́ tó fún àbúrò mi ní odindi fíìmù. Kì í ṣe pé kó ṣílẹ̀kùn, kì í ṣe pé kó sùn sílẹ̀. Òun ló ni ín láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Ọmọbìnrin kan ló bá ìyá ẹ̀ jà, tó fi ìbínú kúrò nílé, tí kò padà fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ìgbà tó fi máa dé, wọ́n ti sin ìyá ẹ̀ lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ó wọ pálọ̀, kò bá ẹnì kankan, ibẹ̀ ni fíìmù parí sí. Ó-Ku-Díẹ̀ wá wo pálọ̀ wa, ó ní pálọ̀ yìí gan-an ni òun ń wá, níbẹ̀ ni àwọn máa ti ya ìbẹ̀rẹ̀ àti ìparí. Inú màmá wa dùn. Èmi béèrè iye ọjọ́ tó máa gbà. Ẹ ti mọ ohun tó fi dá mi lóhùn.

Wọ́n dé, wọ́n kó wáyà kún ilẹ̀. Wọ́n gbé àga màmá kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé lọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù mi, wọ́n lẹ téèpù mọ́lẹ̀ níbi tí ẹsẹ̀ ẹ̀ wà. Wọ́n yọ bátìrì inú aago ara ògiri, wọ́n ní ìró ẹ̀ ń wọnú máìkì. Wọ́n ní kí n pa díráyà. Oníbàárà mi jókòó tòun ti irun tútù, omi ń kán sí i lọ́rùn, mo sì ń fi ìka sẹ́nu fún un pé kó má sọ̀rọ̀. Eléré wọ gáùn àwọ̀ ewé kan, ó bá obìnrin tó ṣe ìyá ẹ̀ jà, ó gbé báàgì, ó jáde. Ó dáa, mi ò ní parọ́. Àyà mi já nígbà tó pa ilẹ̀kùn dé. Wọ́n ní lọ́la ni àwọn máa ya ìparí.

Lọ́la ò dé. Kámẹ́rà tí wọ́n yá ṣubú lọ́wọ́ ẹni tó ń gbé e sínú ọkọ̀ nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, ojú ẹ̀ fọ́. Ó-Ku-Díẹ̀ wá dágbére, ó ya fọ́tò gbogbo igun pálọ̀, ó wá dojú kọ màmá. Ó ní, "Màmá, ẹ dákun, ẹ má fọwọ́ kan nǹkan kan ní pálọ̀. Bó ṣe wà yìí ló gbọ́dọ̀ wà. Tí ọmọ yẹn bá máa padà wọlé, kò gbọ́dọ̀ sí ohun tó yí padà, ohun tó máa pa àwọn èèyàn lẹ́kún nìyẹn. Ó ku díẹ̀."

Díẹ̀ yẹn gba ọdún méjì ó lé. Àwọn ìran tó wà láàárín, wọ́n rí wọn yà níbòmí-ìn, díẹ̀díẹ̀, nígbàkígbà tí ọ̀rẹ́ kan bá ti fẹ́ yá wọn ní kámẹ́rà. Ìparí nìkan ló kù. Láìsí ìparí, fíìmù ò lè jáde, fíìmù kan ṣoṣo tí ojú àbúrò mi kún inú ẹ̀ á sì wà nínú báàgì Ó-Ku-Díẹ̀ títí. Ṣùgbọ́n kí wọ́n tó lè ya ìparí, ó di dandan kí kámẹ́rà, òṣèré àti Ó-Ku-Díẹ̀ wà ní ìlú wa lọ́jọ́ kan náà, ìyẹn sì ni àwọn èèyàn wọ̀nyí ò mọ̀ ọ́n ṣe.

Àwa tí a ń gbé inú ilé ńkọ́? A wà nínú fọ́tò. Kọ́tìnì ò ṣeé fọ̀, torí tí a bá fọ̀ ọ́, àwọ̀ ẹ̀ á yí. Aago ò ṣeé tún ṣe, aago mẹ́rin ó lé díẹ̀ ló ń sọ láàárọ̀, òun ló ń sọ lálẹ́. Ògiri ti sán lókè ilẹ̀kùn, ẹ̀fúùfù ń gbabẹ̀ wọlé, a ò gbọ́dọ̀ dí i. Àga màmá dí ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù mi débi pé ẹ̀gbẹ́ ni mò ń gbà wọlé, mo sì ti fi orúnkún gbá a tó ìgbà tí mi ò lè kà. Màmá fúnra wọn ń jókòó sórí àpótí lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, ẹ̀yìn ń dùn wọ́n, wọn ò sì jẹ́ kí n sún àga náà. Àlejò tó bá wọlé, á wo òkè, á wo ilẹ̀, á wá rọra béèrè lọ́wọ́ mi bóyá kò sí nǹkan. Mo ti pe Ó-Ku-Díẹ̀, mo bú u. Mo pè é lẹ́ẹ̀kejì, ó ti pa fóònù ẹ̀. Ẹ wo ẹni tó dá mi lóhùn: àbúrò mi, ó ń bẹ̀ mí pé kí n má bínú.

Ibi tí a wà nìyẹn tí tẹlifíṣọ̀n fi pè é. Eré tẹlifíṣọ̀n ọlọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ ni, tí wọ́n máa fi ọdún méjì ṣe, wọ́n sì fẹ́ kó ṣe onílé, ẹni tí gbogbo ọ̀rọ̀ inú ilé náà dá lé lórí. Iṣẹ́ tó ní owó oṣù. Mo ti ń sọ ọ́ fún àwọn oníbàárà mi. Ọ̀sẹ̀ tí wọ́n ní kó bẹ̀rẹ̀ gan-an ni Ó-Ku-Díẹ̀ pè, ó ní òun ti rí kámẹ́rà, ṣùgbọ́n ọjọ́ kan péré ni, torí ẹni tó ni ín ń rin ìrìn àjò, kò sì mọ ìgbà tí òun máa padà. Eléré bẹ àwọn tẹlifíṣọ̀n pé kí wọ́n fún òun láyè díẹ̀. Wọ́n ní ẹlòmí-ìn wà lẹ́nu ọ̀nà.

Ó pè mí kó tó dá wọn lóhùn. Bó ṣe ń mí lórí fóònù, mo ti mọ ohun tó fẹ́ sọ, orí mi sì ti gbóná kó tó bẹ̀rẹ̀.

Ó ní, "Àǹtí mi, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ tán kẹ́ ẹ tó bú mi. Láti ọjọ́ tí mo ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ yìí, ilẹ̀kùn ni mò ń ṣí fáwọn èèyàn. Èmi náà fẹ́ wọlé lẹ́ẹ̀kan."

Mo bú u náà. Mo ní ṣé nítorí kó lè wọ pálọ̀ tí wọ́n bí i sí ló ṣe máa ta tẹlifíṣọ̀n nù. Mo sọ àwọn nǹkan mí-ìn tí mi ò ní tún sọ níbí. Ó gbọ́ gbogbo ẹ̀, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ mi, ó lọ sọ fún wọn pé òun ò wá.

Ọjọ́ tó ṣáájú ọjọ́ tí wọ́n máa dé, wọ́n gbé mi lọ ṣe irun ìyàwó ní ìlú kejì. Orí pọ̀ níbẹ̀, tìyá tàbúrò, mo sùn síbẹ̀. Kí n tó lọ, mo tún kìlọ̀ fún màmá: àga, aago, kọ́tìnì, ẹ má fọwọ́ kan nǹkan kan. Wọ́n ní àwọn gbọ́. Àárọ̀ ọjọ́ kejì, bí mo ṣe ń sọ̀ kalẹ̀ níwájú ilé ni ọkọ̀ Ó-Ku-Díẹ̀ ń dúró. Àbúrò mi sọ̀, ó ti wọ gáùn àwọ̀ ewé yẹn, ó gbá mi mọ́ra. Ó ti rù. Ó lé ní ọdún kan tí a ti rí ara wa kẹ́yìn, ìlú ńlá la ti ríra, kò tíì wọ ilé náà láti ọjọ́ tí wọ́n ti ya ìbẹ̀rẹ̀. Gbogbo wa jọ ṣílẹ̀kùn pálọ̀.

Òórùn ọ̀dà ló kọ́kọ́ pàdé wa. Ògiri tó ti jẹ́ àwọ̀ eruku láti ìgbà tí bàbá wa ti wà láyé, ó ti funfun bíi wàrà. Wọ́n ti dí ibi tó sán. Kọ́tìnì tuntun, olódòdó búlúù, ló wà lójú fèrèsé, àga màmá ti padà sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀, wọ́n ti họ téèpù kúrò nílẹ̀. Aago ń dún lára ògiri, ó ń sọ àkókò tó péye. Màmá wa dúró láàárín pálọ̀ nínú aṣọ tí wọ́n fi ń lọ òde, wọ́n ń rẹ́rìn-ín.

Wọ́n ní, "Ẹ káàbọ̀. Ẹ rọra o, ọ̀dà ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn yẹn ò tíì gbẹ."

Ó-Ku-Díẹ̀ gbé báàgì ẹ̀ kalẹ̀, ó jókòó lé e lórí, ó bọ́ gíláàsì ojú ẹ̀. Ó ní, "Ó ti tán." Àbúrò mi kí màmá, ó kúnlẹ̀ dáadáa, ó dìde, ó gba ẹ̀yìnkùlé lọ.

Èmi ni mo sọ̀rọ̀. Ohùn mi ròkè lórí ìyá mi lọ́jọ́ náà, ọ̀rọ̀ ti kọjá ohun tí mo lè mú mọ́ra. Mo ní ọdún méjì, màmá, ọdún méjì tí mo ti ń fi orúnkún gbá àga, tó wá ku wákàtí kan, ẹ wá kun ilé nítorí kí àlejò má bàa rí ògiri tó sán. Ṣé ẹ mọ ohun tí ọmọ yín fi sílẹ̀ nítorí ọjọ́ òní?

Màmá wò mí bí ẹni tí mò ń sọ èdè mí-ìn fún. Wọ́n ní, "Àlejò wo? Ọmọ mi ló ń bọ̀ wálé. Ó ti pẹ́ jù. Ṣé kó wá bá a bó ṣe fi í sílẹ̀, bí ilé tí kò léèyàn?"

Kí n má parọ́, ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí ní ibi méjì. Àkọ́kọ́ ni pé mo rí i pé fíìmù ò tilẹ̀ sí lọ́kàn wọn. Ìkejì ni pé ọdún mélòó ni èmi ti ń gbé inú ilé náà, tí mò ń wo ògiri yẹn, kò sẹ́ni tó rò ó láti kùn ún nítorí tèmi. Mo gbé ìyẹn mì. Mo tẹ̀lé àbúrò mi lọ sẹ́yìnkùlé.

Mo bá a níbi tó jókòó sí lórí korobá tí wọ́n dojú ẹ̀ délẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ omi. Kò sunkún. Mo ti to èébú sílẹ̀ fún un láti àná, gbogbo ẹ̀ ló dàwátì lẹ́nu mi nígbà tí mo rí bó ṣe fa gáùn yẹn sókè kó má bàa dọ̀tí. Nítorí kí n ṣáà lè rí nǹkan sọ, mo sọ fún un ohun tí màmá sọ. Ó gbé ojú sókè.

Ó ní, "Wọ́n ní bí ilé tí kò léèyàn?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó dìde, ó nu ẹ̀yìn gáùn ẹ̀, ó wọlé lọ bá Ó-Ku-Díẹ̀ tó ṣì jókòó lórí báàgì. Ó ní kó gbé kámẹ́rà sẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, kó má pa aago, kó má sọ nǹkan kan fún òun. Ọkùnrin yẹn fẹ́ jiyàn, ó wo ojú ẹ̀, ó gbé kámẹ́rà. Wọ́n ní kí èmi àti màmá bọ́ sínú ṣọ́ọ̀bù, a dúró sẹ́yìn ilẹ̀kùn tó ṣí díẹ̀.

Àbúrò mi ti ìta wọlé, ó gbé báàgì kan náà tó fi jáde lọ́jọ́sí. Ó ṣe bí ẹni tó mọ ibi tó ń lọ, ó gbé ẹsẹ̀ méjì, ó dúró. Ó gbóòórùn ọ̀dà. Ó wo kọ́tìnì, ó wo aago, ó wo àga. Mo rí i bó ṣe ń wò wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, mo sì rí i nígbà tó yé e: ìyá tí wọ́n ti sin nínú eré náà, òun ló kunlé yìí kó tó kú. Ó ti ń retí ọmọ ẹ̀. Ó pè é, kò pariwo. Ó ní, "Màmá."

Màmá wa lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi lanu láti dáhùn. Mo fi ọwọ́ bo ẹnu wọn. Wọn ò bá mi jà, wọ́n kàn di ọwọ́ mi mú, mo sì mọ̀ ọ́n lára bí omijé tó lọ́ wọ́ọ́rọ́ ṣe ń ṣàn kọjá láàárín ìka mi. Nínú pálọ̀, àbúrò mi na ọwọ́ kó lè fara ti ògiri ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn. Bóyá ó gbàgbé pé ọ̀dà ibẹ̀ ò tíì gbẹ, bóyá kò gbàgbé, mo ti bi í tó ìgbà mélòó kan, kò sọ ọ́ fún mi. Ó yọ ọwọ́, ọ̀dà ti lẹ̀ mọ́ àtẹ́lẹwọ́ ẹ̀. Ó wò ó pẹ́. Lẹ́yìn náà ló wá sọ ọ́, ọ̀rọ̀ tó kọ́kọ́ sọ nínú fíìmù láyé ẹ̀, ṣùgbọ́n kò sọ ọ́ bí èyíkéyìí nínú gbogbo bó ṣe ń sọ ọ́ káàkiri ilé nígbà yẹn.

Ó ní, "Kò sí nílé."

Ó-Ku-Díẹ̀ ò ní kí wọ́n dúró. Kámẹ́rà ń lọ, aago ń dún, kò sì sẹ́ni tó mira títí àbúrò mi fi béèrè fúnra ẹ̀ bóyá ẹnì kan lè fún òun ní àkísà.

Fíìmù náà jáde. Gbọ̀ngàn ilé ẹ̀kọ́ kan ni wọ́n ti kọ́kọ́ fi í hàn, orí bẹ́ǹṣì la jókòó sí, mo sì rí àwọn èèyàn tó dàgbà dáadáa tí wọ́n ń fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ojú. Wọ́n ń gbé e kiri ìlú sí ìlú báyìí, àwọn tó mọ̀ nípa nǹkan wọ̀nyí ń pe Eléré wá sọ̀rọ̀, wọ́n sì ń bi í pé báwo ló ṣe ronú kan ìparí yẹn. Ó ń sọ fún wọn pé màmá òun ni. Wọ́n rò pé ó ń fi ọgbọ́n dáhùn ni. Ṣé ẹ rò pé wàhálà tán? Àwọn tẹlifíṣọ̀n tún pè é. Ẹni tó gba ipa onílé yẹn ti bá wọn jà, ó ti lọ, wọ́n sì ti pinnu pé kí onílé náà kú. Wọ́n ń wá ẹni tó máa sùn sínú pósí, tó tóbi tó ẹni tó lọ yẹn, tó sì lè sé èémí mọ́ra. Mo ní ó dáa tó o fi mọ irú àwọn èèyàn tí wọ́n jẹ́. Ó lọ. Ó ní òkú tó dáa ni.

Ní tèmi, mo ra ọ̀dà díẹ̀ láti fi pa ojú ọwọ́ tó wà lára ògiri yẹn rẹ́, torí gbogbo oníbàárà tó bá gba pálọ̀ kọjá ló ń bi mí ẹni tó fi ọwọ́ ba ilé jẹ́. Mo ti ṣí agolo, mo ti ki búrọ́ọ̀ṣì bọ̀ ọ́. Màmá pè mí láti orí àga wọn lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé.

Wọ́n ní, "Má fọwọ́ kàn án."

A tún ti bẹ̀rẹ̀. Mo dúró tèmi ti búrọ́ọ̀ṣì, ọ̀dà ń kán sí mi lẹ́sẹ̀, gbogbo ohun tí mo ti ń gbé mì láti ọjọ́ yẹn bá gòkè wá. Mo ní, "Tó bá jẹ́ ọwọ́ tèmi ló wà níbẹ̀ ńkọ́, ṣé ẹ máa ní kí wọ́n fi í sílẹ̀?"

Wọn ò tilẹ̀ bínú. Wọ́n wo kọ́tìnì tí mo gbé kọ́ padà lẹ́yìn tí mo fọ̀ ọ́, wọ́n wo ilẹ̀ tí mo gbá láàárọ̀, wọ́n wo ìrọ̀rí tí mo ki sẹ́yìn wọn.

Wọ́n ní, "Ọwọ́ tìẹ? Èwo nínú ilé yìí ni ọwọ́ tìẹ ò sí?"

Mo dé agolo ọ̀dà, mo padà sí ṣọ́ọ̀bù, oníbàárà mi ti ń retí mi lábẹ́ díráyà.